Níbo Ni Ká Ju Eyín Sí?

Ọjọ́ kẹsàn-án lẹ́yìn tí ilẹ̀ mì ní Ṣábẹ̀ẹ́,
eyín iwájú Àmọ̀kẹ́ yọ sínú ẹ̀kọ gbígbóná.
Ó tu ú sí àtẹ́lẹwọ́, ó ń rẹ́rìn-ín,
ẹ̀jẹ̀ díẹ̀ wà létè rẹ̀.
Lẹ́yìn náà ló gbójú sókè:
"Ẹ̀gbọ́n, níbo ni mo máa jù ú sí?"

Mo wọ̀tún, mo wòsì.
Abẹ́ tapólì búlúù ni gbogbo wa ń sùn,
atẹ́gùn ń wú u bí ikùn ọ̀pọ̀lọ́.
A ju eyín sí i, ó yọ̀, ó tún já bọ́,
ewúrẹ́ Ìyá Bónì sáré wá gbóòórùn rẹ̀.
Ṣàbí ní ká lọ sí ilé ẹ̀kọ́.
Ilé ẹ̀kọ́ wo?
Abẹ́ igi kajú la ti ń kàwé,
mẹ́tìrì ń fi èédú kọ ìṣirò
sára ilẹ̀kùn tí kò nílé mọ́.

Láàárọ̀ a ó to bídọ́n dè omi,
a ó fi òkúta di àyè mú fún ẹni tó bá lọ tọ̀.
Lọ́sàn-án àwọn kékeré ń ṣeré kan:
ẹnì kan á pariwo, "Ó ti dé o!"
gbogbo wọn á dojú bolẹ̀, wọ́n á fọwọ́ borí,
ẹni tó bá kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín ló kú.
Àwọn àgbà ní kí wọ́n yéé ṣe é.
Wọ́n gbé eré lọ sẹ́yìn àpáta.

Ṣàbí kì í bọ́ bàtà sùn.
Ó kó òkúta mẹ́ta sínú agolo tòmátì,
ó gbé e sẹ́bàá etí,
pé bí ilẹ̀ bá tún fẹ́ yíra padà
agolo ni yóò kọ́kọ́ ta òun lólobó.
Agolo ti sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀mejì.
Ìgbà àkọ́kọ́, alùpùpù ló ń kọjá.
Ìkejì, a kì í sọ ọ́.

Ìrọ̀lẹ́ ni mo tó mú Àmọ̀kẹ́ délé.
Mo ṣì ń pè é nílé.
Páànù yàrá Màámá ló tẹ́ pẹrẹsẹ yẹn,
kò ga ju orúnkún ọmọ lọ.
Ó ṣa òkúta méje, nítorí ọdún méje ni.
Òkúta kò wọ́n wa.
Ó ní kí n kọ̀yìn, kí alángbá má baà rí i.
Mo dúró, mo dúró,
n kò gbọ́ kó dún gbàù.
Kò jù ú. Ó bẹ̀rẹ̀ ni,
ó gbé e lé orí òrùlé jẹ́jẹ́
bí ẹni gbé omi fún aláìsàn,
ó sọ nǹkan kan sí páànù, n kò bi í.
Ó wá sáré, kò bojú wẹ̀yìn.

Èmi ni mo wẹ̀yìn.
Alángbá kan ti débẹ̀,
ó ń mirí.