Ẹjọ́ Márùn-ún ní Ṣímlà

Ọdún mọ́kàndínlógún ni mo fi ń di fáìlì wọn.
Okùn pupa ti ṣá bí ata gbígbẹ,
eku ti jẹ etí ìwé ìpẹ̀jọ́ àkọ́kọ́,
agbẹjọ́rò tó kọ ọ́ ti kú; ọmọ rẹ̀ ló jogún ẹjọ́.

Beliram pe Tulsiram, àbúrò rẹ̀, nítorí omi:
ojú omi tóóró kan tí baba wọn gbẹ́ wọ oko ápù,
kò fẹ̀ ju ẹsẹ̀ méjì lọ.
Tulsiram pè é padà. Wọ́n pe ara wọn, wọ́n pe ìjọba,
wọ́n fẹ́rẹ̀ẹ́ pe òjò.

Lọ́dún yìí yìnyín já láti orí òkè,
ó dí ojú omi náà pa.
Ẹnìkan ò lè dá a gbẹ́.
Ṣọ́bìrì méjì, ọjọ́ mẹ́ta, kò sọ́rọ̀
àfi "Yẹra díẹ̀," àfi "Ó tó."
Lọ́jọ́ kẹrin ìyàwó Tulsiram gbé tíì wá,
ife méjì.

Adájọ́ ka ìwé àdéhùn, ó bọ́ awò ojú.
"Ṣé bẹ́ẹ̀ ni?"
"Bẹ́ẹ̀ ni, Olúwa mi."
Ìlà mẹ́ta péré ló fi pa márùn-ún dé.
Mo lu òǹtẹ̀. Àlàfo tí wọ́n fi sílẹ̀ lórí pẹpẹ
fẹ̀ tó ẹsẹ̀ méjì.

Wọ́n ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́.
Mi ò jiyàn. Wọn ò tíì ṣọ̀rẹ́.
Mo kàn rí wọn lójú fèrèsé, nínú òtútù,
tí wọ́n ń du ẹni tí yóò san owó ọkọ̀.