Kò Tẹ́ Mi Lọ́rùn

Ní Minot, níbi tí omi ti ń di òkúta nínú garawa,
ni wọ́n bí Thora Engebret sí, ọmọ ẹni tó ń wọn àlìkámà.
Bàbá rẹ̀ a dúró ti òṣùwọ̀n, a gbé ọwọ́ méjèèjì sókè
kí àgbẹ̀ lè rí i pé àtàǹpàkò rẹ̀ kò sí lórí irin.
"Ojú àgbẹ̀ ni òṣùwọ̀n gidi," ló máa ń wí.
Ọmọ náà gbọ́. Kò gbàgbé. Ó kàn pẹ́ kó tó yé e.

Obìnrin mẹ́ta péré ni wọ́n nínú kíláàsì àwọn amòfin.
Nígbà tó gbàwé ẹ̀rí tán, àwọn lọ́yà kan ní Fargo
bi í léèrè bóyá ọwọ́ rẹ̀ yá lórí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé.
Ó ní ó yá. Ó dìde. Ó ti ilẹ̀kùn pẹ̀lẹ́.
Ọdún méjìdínlógún ló fi gbèjà àwọn tí báǹkì fẹ́ gba oko wọn,
àwọn tó ń fi ọ̀dùnkún àti ẹran ìgbẹ́ san owó iṣẹ́.
Lẹ́yìn náà ni Ààrẹ fi orúkọ rẹ̀ ránṣẹ́.
Àwọn sẹ́nétọ̀ yẹ̀ ẹ́ wò bí ẹni ń yẹ eyín ẹṣin wò,
wọ́n ní kó máa lọ, kó jókòó títí ọjọ́ ikú.

Ilé ẹjọ́ tó wọ̀ yìí, ẹ gbọ́ orúkọ rẹ̀ lẹ́nu wa:
kò-tẹ́-mi-lọ́rùn.
Ẹkún kì í dé ibẹ̀. Ẹlẹ́rìí kì í búra níbẹ̀.
Ìwé ni. Ìwé lórí ìwé, adájọ́ mẹ́ta,
àti iná pupa kékeré tó ń sọ fún lọ́yà pé ó tó gẹ́ẹ́.

Ọdún kan ni mo fi ṣe akọ̀wé fún un ní Saint Paul.
Fúnra rẹ̀ ló ń po kọfí wa.
A máa bi wá láràárọ̀ pé, "Ta ni kò sí nínú yàrá yìí?"

Lóṣù Kejì ni lẹ́tà Royce Tillery dé,
pẹ́ńsùlù ló fi kọ ọ́, láti ọgbà ẹ̀wọ̀n kan ní Missouri.
Ó ní òun kọ́ ni òun yìnbọn.
Ó lè jẹ́ òótọ́. Ó lè jẹ́ irọ́. A ò dé ibẹ̀ rárá,
torí ọgbọ̀n ọjọ́ tí òfin fún un pé ní Ọjọ́bọ̀,
òǹtẹ̀ ọjọ́ Ẹtì ló wà lára àpòòwé.
Yìnyín ti dí gbogbo ọ̀nà ní Ọjọ́bọ̀ yẹn.
Mo sọ ọ́. Ó ní, "Òfin kò mọ yìnyín."
Gbólóhùn mẹ́rin.
Àwọn méjì yòókù fọwọ́ sí i kí kọfí wọn tó tutù.

Ó kọ ìdájọ́ tó lé lẹ́gbẹ̀rún lẹ́yìn ìyẹn.
Nínú ẹjọ́ odò tí wọ́n da májèlé sí, òun nìkan ló yapa,
ojú ìwé mọ́kànlélógójì.
Ó pàdánù, ó sì lọ pẹja.

Lọ́dún tó kọjá mo lọ kí i nílé àwọn arúgbó ní Duluth.
Kò mọ̀ mí. Orúkọ àbúrò rẹ̀ tó ti kú ló fi pè mí.
Nọ́ọ̀sì fi agolo bisikíìtì kan hàn mí:
ìwọ̀ ẹja, fọ́tò bàbá rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ òṣùwọ̀n,
àti lẹ́tà pẹ́ńsùlù kan
tí a ti ká tí a ti tú títí ojú ìká rẹ̀ fi fẹ́ já.
Tillery? Mo wádìí. Kídìnrín ló pa á,
nínú ẹ̀wọ̀n, lọ́dún kọkàndínlógún.

Ẹni tí ìdájọ́ kò tẹ́ lọ́rùn a gbé e wá bá a.
Òun, ọ̀dọ̀ ta ni ì bá gbé tirẹ̀ lọ?

Ó jókòó ti fèrèsé, adágún funfun láti etí dé etí,
ó ń fi ìka ka ọjọ́:
Ìṣẹ́gun. Ọjọ́rú. Ọjọ́bọ̀.
Ó dúró lórí Ọjọ́bọ̀. Ó wo àtàǹpàkò rẹ̀,
ó gbé e kúrò lórí apá àga, pẹ̀lẹ́,
ó tún bẹ̀rẹ̀.