Ìgbọ̀nwọ́ Òsì

Yàrá kejìlá, ilé àwọn arúgbó kan ní Winnipeg.
Mò ń fi òróró ra ẹsẹ̀ rẹ̀. Àtàǹpàkò méjèèjì ti wọ́,
ijó ọdún mẹ́tàdínlógún ló wọ́ wọn.
Ó ní, "Fi kásẹ́ẹ̀tì yẹn sí i, Moríyìkẹ́."
Yìnyín kọ́kọ́ bo ojú tẹlifíṣọ̀n,
irú èyí tó ń bọ́ lóde,
kí ọkùnrin oníkóòtù dídán tó yọ,
tó fi gbogbo eyín rẹ́rìn-ín.

"Kì í ṣe òun! Wo ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, lọ́wọ́ òsì.
Ó ń bọ̀. Ó ń bọ̀.
Ìgbọ̀nwọ́ mi nìyẹn!"
Ó ti kọjá kí n tó ṣẹ́jú.

Odarka Hrynchuk ni bàbá rẹ̀ sọ ọ́,
àgbẹ̀ àlìkámà nítòsí Dauphin.
Àwọn ará tẹlifíṣọ̀n ní orúkọ náà ti gùn jù,
wọ́n gé e bí ẹní gé ìrù ajá:
Dottie Green.
Orúkọ ẹni ni ìjánu ẹni, mo sọ fún un.
Ó ní, "Àwọn tó ń san owó ilé ló mú okùn ìjánu náà dání."

Lálaalẹ́ Sátidé,
òun ni wọ́n ń fi ayùn gé sí méjì nínú àpótí,
òun ni wọ́n ń da kírímù bò lójú,
ìyàwó oníbìínú, nọ́ọ̀sì tó gbé abẹ́rẹ́ gbàǹgbà,
ìdí ẹṣin nínú ẹṣin aláṣọ.
Iwájú ẹṣin ń gba lẹ́tà olólùfẹ́,
ìdí ẹṣin ń gba ooru.

Ẹ̀ẹ̀kan péré ni wọ́n kọ ọ̀rọ̀ fún un:
"Ọ̀gá, fìlà yín rèé."
Ọ̀sẹ̀ kan gbáko ló fi ń sọ ọ́,
ó sọ ọ́ fún ìkòkò ọbẹ̀, ó sọ ọ́ fún awakọ̀ bọ́ọ̀sì.
Alẹ́ ọjọ́ náà, ọ̀gá kọsẹ̀, èrò bú sẹ́rìn-ín.
Kò sẹ́ni tó gbọ́ fìlà.

Àmọ́ alẹ́ tí ọ̀gá gbàgbé orin,
tí ẹnu rẹ̀ là sílẹ̀ bí ti ẹja tí wọ́n fà lórí odò dídì,
ta ló sọ ọ́ sí i létí láìmi ètè?
Ìyẹn ò sí nínú kásẹ́ẹ̀tì kankan.

Lánàá, ìyá mi bi mí lórí fóònù,
"Iṣẹ́ wo lò ń ṣe níbẹ̀ gan-an?"
Mo ní, "Nọ́ọ̀sì ni mí, Màámi."
Nígbà tí mo túmọ̀ rẹ̀ fún Dottie, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi wúkọ́:
"Èmi náà ti ṣe nọ́ọ̀sì rí. Ẹ̀ẹ̀mẹrin."

"Dá a padà."
A ti dá a padà lẹ́ẹ̀mẹfà láàárọ̀ yìí.
Ibẹ̀ gan-an ni kásẹ́ẹ̀tì náà ti ń ṣá,
àwòrán ń wárìrì, ó ń di funfun.
Mo ní mi ò rí nǹkan kan mọ́, Màmá.
Ó wò mí bí ẹni ń wo aláìmọ̀kan,
ó rọra ká apá aṣọ rẹ̀ sókè,
ó gbé egungun kékeré kan síwájú mi.
"Fi wé e," ó ní.