Ẹnu Orù

Kì í ṣe orù tí wọ́n ń pọn omi sí.
Súwébátù, ìyá ìyá mi, alámọ̀ ti Dada ní Òkèlele,
ló mọ ọ́n, lọ́dún tí òjò kọ̀.
Ó wa amọ̀ rẹ̀ níbi tí odò Asà ti ṣẹ́rí padà
bí ẹni tó gbàgbé nǹkan sílé.

Gbogbo alámọ̀ ló ń fi ẹ̀yìn rìn.
Ìkòkò á jókòó, èèyàn á yí i ká,
àkísà tútù lọ́wọ́, títí ètè rẹ̀ á fi dán.
Ṣùgbọ́n tèyí, o ní láti fi ọmọrí dé e lẹ́nu,
kí o fi ẹ̀yìn rìn yí i ká lẹ́ẹ̀meje,
oòrùn náà á sì fi ẹ̀yìn rìn.
Wákàtí kan péré. Kò jù bẹ́ẹ̀.
Ẹ̀ẹ̀kan ni mo mọ̀ pé ìyá lò ó:
òjò ká igba ìkòkò mọ́ inú iná.
Lọ́jọ́ kejì ó ní eegun ń ro òun,
kò tún fọwọ́ kàn án mọ́.

Ọjọ́ kẹtàlélógún ààwẹ̀, ìyá wà lórí ẹní.
Àlùfáà ní kí aláìsàn mu omi.
Ó ní ṣé àlùfáà ló bí òun ni?
Ó ní, "N kò ní kọjá ìṣínu òní,"
bí ẹni tó ń dá iye lé ata.

Ladánì pe Àláásárì.
Oòrùn rọ̀, ó rọ̀, ó kù díẹ̀ kó wọ̀,
mo bọ́ sẹ́yìnkùlé, mo dé orù,
mo fi ẹ̀yìn rìn.
Òjìji igi ìṣin tó ti gun ògiri
fà sẹ́yìn bí ọmọ tí wọ́n bá lẹ́nu ìkòkò ọbẹ̀.

Ladánì pe Àláásárì.

Orí àwọn ará àdúgbò gbàgbé. Ọ̀fun wọn ò gbàgbé.
Ní Pákátà, ahunṣọ kan bá òfì rẹ̀ ní títú,
ó gbá ọmọ iṣẹ́ létí.
Epo alákàrà gbóná, ó tutù, ó tún gbóná,
àkàrà kan ò dé inú rẹ̀.
Nígbà tó di ẹ̀ẹ̀karùn-ún
ohùn ladánì ti há bí ilẹ̀kùn tí kò rí òróró rí,
kò sì mọ ohun tó ṣe òun.

Mo rí wọn o. N kò ní purọ́.
Mo ní kí wọ́n mú un mọ́ra, ìyá mi ni.

Lẹ́yìn ìgbà keje ni Káfáyátù, ọmọ ilé kejì,
tó ń gba ààwẹ̀ àkọ́kọ́ láyé rẹ̀,
tó ti fi àwo bo kúnú rẹ̀ látàárọ̀,
wojú ọ̀run, ó wojú mi:
"Àǹtí, ṣé oòrùn náà ń gbààwẹ̀ ni?
Ilẹ̀ ò ṣe gbé e mì?"

Mo wọlé. Ìyá la ojú kan.
"Mò ń gbọ́ ẹsẹ̀ rẹ. Ẹ̀yìn lo fi ń rìn.
Èmi ni mo kọ́ ọ.
Ẹ̀ẹ̀meje lo ti gba ife lẹ́nu mi, Rúkáyá.
Ọdún mẹ́tàlélọ́gọ́rin ni mo ti gba ààwẹ̀ yìí.
Ṣé o ò ní jẹ́ n ṣínu?"

Mo lọ ṣí orù.
Kò sí èéfín, kò sí iwin,
afẹ́fẹ́ kékeré kan ló jáde,
ó ń ta sánsán bí ilẹ̀ tí òjò ṣẹ̀ṣẹ̀ kàn.
Lẹ́yìn náà ilẹ̀ ṣú lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo,
ladánì fi ohùn tó ti ya pe Mọ̀gàríbì,
mo sì gbọ́ tí Òkèlele gbé omi mì,
gbogbo wọn pọ̀.

Mo fi omi kan ètè ìyá.
Ó ya ẹnu.
Kò pa á dé mọ́.

Orù náà ṣì wà lẹ́yìnkùlé.
Adìyẹ ilé Káfáyátù ló ń yé sínú rẹ̀.
N kò dé e.