Ibi Tí Bàbá Wa Ń Gbé

Lẹ́tà náà dé láti Màsẹ́ì lọ́jọ́ Jímọ̀,
ìwé mọ́kànlá, òǹtẹ̀ pupa lẹ́sẹ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan.
Lọ́yà Kasálì gbé gíláàsì sójú, ó ní
gbogbo rẹ̀ kò ju ìbéèrè kan lọ:
níbo ni bàbá yín ń gbé?

Mùfútáù fò dìde. Ẹ̀pẹ́ ni!
Ta ni kò mọ ilé Súmọ́nù Onífaransé ní Pápá,
pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tó kọjú sí ọ̀sà,
tí páànù orí rẹ̀ ti pọ́n bí epo?
Àṣà ilẹ̀ yìí ni kí wọ́n fi pín in,
àti yàrá méjì tó fi sílẹ̀ lọ́hùn-ún pẹ̀lú.
Ó lu tábìlì. Tíì lọ́yà dà sórí òǹtẹ̀.

Lọ́yà nu ìwé, kò bínú.
Bí ó bá jẹ́ tàṣà, ó ní, ìdí igi ni.
Ìyá méjì, igi méjì.
Ẹ̀yin mẹ́ta tí ìyá yín bí, ẹ mú ìdajì.
Ẹnì kan ṣoṣo tí òyìnbó bí fún un, ó mú ìdajì tó kù.

Ẹ̀gbọ́n mi rọra jókòó
bí adìẹ tó fẹ́ sàba.
"Òfin tiwọn ńkọ́?"
"Orí-ò-jorí. Ọmọ mẹ́rin, ìpín mẹ́rin."
Ó họ irùngbọ̀n rẹ̀ títí.
Kí a má parọ́, lọ́yà, ó ní,
bàbá wa pẹ́ ní Faransé o.

Wàídì rẹ́rìn-ín títí ó fi húkọ́.

Èmi ò rẹ́rìn-ín.
Èmi ni mo ń ka oògùn sínú ike fún un,
pupa láàárọ̀, funfun lálẹ́.
Ọdún mẹ́rin ló fi sùn lórí bẹ́ẹ̀dì yẹn,
ọdún mẹ́rin tí bàtà onírun tó gbé bọ̀ láti Màsẹ́ì
kò fi kúrò lábẹ́ rẹ̀,
imú méjèèjì kọjú sí ẹnu ọ̀nà.

Lọ́yà ní òfin ọ̀hún kì í wo ibi tí èèyàn kú sí nìkan,
ibi tó fi ṣe ilé ló ń wá.
Wọn á bi yín: níbo ló ti ń gba owó ìfẹ̀yìntì?
Níbo ni dókítà rẹ̀ wà?
Èdè wo ló ń sọ nínú ilé?

Oṣù Máàṣì ni. Iná ti lọ láti ìrọ̀lẹ́.
Ooru mú débi pé ọmọńlé ń mí hẹlẹ lára ògiri.
Bàbá di ọwọ́ mi mú, ó ní,
Fẹ́ẹ̀mé la fùnẹ́tì.
Ẹ̀ẹ̀mẹta.
Mo bu omi, ó kọ̀.
Mo fẹ́ abẹ̀bẹ̀ sí i, ó gbọ̀n.
Mo há ọ̀rọ̀ náà sórí
bí ọmọ kéwú ṣe ń há ohun tí kò tíì yé e.
Kí ilẹ̀ tó mọ́, ó ti lọ.

Mo kà á fún Sólàńjì lórí fóònù lánàá,
nínú Gẹ̀ẹ́sì jágajàga tí èmi àti òun jọ ń fọ̀.
Ó dákẹ́ títí mo fi rò pé owó fóònù ti tán.
Ó ní, "Ó ní kí o ti fèrèsé. Òtútù ń mú un."
Kò mẹ́nu kan ìdajì.
Èmi náà ò bi í.

Lọ́la a ó padà sọ́dọ̀ lọ́yà.
Yóò yíjú sí mi, èmi tí mo wà níbẹ̀:
Rámátù, èdè wo ni bàbá yín sọ kẹ́yìn?
Ọ̀rọ̀ mẹ́ta péré, ilé méjì wà lórí wọn,
mo fi ahọ́n tẹ̀ wọ́n mọ́lẹ̀.

Lálẹ́ yìí mo wọ yàrá rẹ̀.
Ooru ọ̀sà kún ibẹ̀ fọ́fọ́.
Mo ti fèrèsé.