Láti Ilẹ̀kùn dé Ilẹ̀kùn

Èmi ni kóòtù rán pé kí n lọ wọn ilẹ̀,
èmi Láwuyì, akọ̀wé kékeré,
tí owó oṣù mi kì í ná dé ogúnjọ́,
èmi àti téèpù kan tí imú rẹ̀ ti dípẹtà.
Ìwé òfin ní igba mítà.
Kò sọ ibi tí ènìyàn yóò ti bẹ̀rẹ̀ sí í kà á.

Lọ́yà ìjọ ní ẹnu géètì ni,
pé ibẹ̀ ni ilé Ọlọ́run ti bẹ̀rẹ̀.
Lọ́yà Ìyá Gbádérò ní rárá o, ẹnu pẹpẹ ni,
àdúrà kì í dúró sí géètì.
Wọ́n ń fi Gẹ̀ẹ́sì bá ara wọn jà lókè orí mi,
mo di téèpù mú bí ẹni di okùn ewúrẹ́ mú lọ́jà.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí ibẹ̀ ṣe rí, ní Ìsàlẹ̀-Àfọ́n:
ṣọ́ọ̀ṣì olókùúta, páànù pupa, agogo kan;
gọ́tà, ṣọ́ọ̀bù ẹlẹ́rọ ìlọta, ilé alágbàfọ̀;
lẹ́yìn náà bẹ́ǹṣì mẹ́ta
àti fíríìjì àtijọ́ tó ń kùn bí àgbà tó ń sùn.
Ìwé àṣẹ ọtí wà lókè rẹ̀ nínú gíláàsì,
àǹtẹ̀ ọdún mẹ́tàdínlógún lára rẹ̀,
owó ilé ìwé ọmọ mẹ́rin nínú àǹtẹ̀ náà.

Díákónì Òjéwándé sọ fún Adájọ́ pé,
"Olúwa mi, bí a bá fẹ́ jẹ Oúnjẹ Alẹ́ Olúwa,
òórùn bíà ní í ṣáájú wa dé ìdí tábìlì."
Ẹ̀rín fẹ́ pa mí.
Ṣùgbọ́n ọmọ rẹ̀ ọkùnrin lọ lóru Sátidé kan,
lẹ́yìn ìgò kẹrin, lórí ọ̀kadà, ní ọ̀nà Tákìé.
Gbogbo kóòtù ló mọ̀. Kò sí nínú ìwé ẹ̀sùn.
Ẹ̀rín náà gbẹ mọ́ mi lẹ́nu.

Lọ́yà kejì wá hú ìtàn:
ìlú Ogbómọ̀ṣọ́ yìí náà, àwọn àgbà ní
lábẹ́ igi àjàgbọ̀n, obìnrin kan ń pọn ọtí ọkà bàbà fún ọdẹ,
ibi tí wọ́n ti ń mu ún ni wọ́n gbé di ìlú.
"Ṣé kí a wọn ìyẹn náà, Olúwa mi?"
Adájọ́ yọ awò ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún gbé e wọ̀.
Ó ní kó jókòó.

Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ni mo wọ̀n ọ́n.
Láti géètì, igba ó dín mẹ́rìnlá.
Láti pẹpẹ, igba ó lé mọ́kànlélógún.
Ṣùgbọ́n nínú ọgbà, nídìí igi káṣú, mo fẹsẹ̀ kọ:
ìpìlẹ̀ ògiri àtijọ́, búlọ́ọ̀kù tí koríko ti bò.
Bàbá agbálẹ̀ ní ọdún mẹ́ta sẹ́yìn ni wọ́n sún ọgbà síwájú
kí àwọn ọlọ́kọ̀ lè ríbi páàkì.
Bẹ́ǹṣì kò rìn. Ṣọ́ọ̀ṣì ló rìn wá bá a.

Mo kọ ọ́ sílẹ̀, ọwọ́ mi ń gbọ̀n.
Inú ìjọ yẹn ni wọ́n ti rì mí bọmi,
Díákónì yìí ló di èjìká mi mú kí n má baà mumi yó.

Ìgbà ẹ̀kẹta yẹn, n kò rí olùrànlọ́wọ́.
Díákónì bá mi di orí téèpù mú ní géètì,
Ìyá Gbádérò di ìdí rẹ̀ mú lẹ́nu ilẹ̀kùn rẹ̀.
Okùn náà le láàárín wọn,
atẹ́gùn ń fẹ́ ẹ, ó ń dún wíìnwíìn.
Obìnrin náà gbóhùn sókè, kọjá gọ́tà, kọjá ẹ̀rọ ìlọta:
"Díákónì, ẹ kú àmúmọ́ra o.
N kò lè wá nígbà yẹn. Ojú ń tì mí."

Kò dá a lóhùn.
Mo ní kí wọ́n jọ̀wọ́ rẹ̀, mo ti kà á tán.
Ó pẹ́ kí ẹnikẹ́ni nínú wọn tó jọ̀wọ́ rẹ̀.

Wọ́n ti sún ẹjọ́ sí oṣù tó ń bọ̀.