Orísun Òdo

Aago mẹ́ta òru ní Lẹ́sítà.
Àwa méjì la dúró ti ẹ̀rọ tó ń gbé páálí kọjá,
èmi àti Ọ̀gbẹ́ni Sónì, àgbà onífìlà irun àgùntàn.
Ìpékeré ọ̀dùnkún là ń kà, páálí lórí páálí.
Mo ń fi Yorùbá ka tèmi kí oorun má baà gbé mi lọ:
mẹ́rìnlá, márùndínlógún, mẹ́rìndínlógún…
Ó ní, “Kí ni ‘dín, dín’ tó ò ń wí yìí?”
Mo ní bẹ́ẹ̀ là ń kà á nílé wa.
Bí a bá ti rí ogún lọ́ọ̀ọ́kán,
ọkàn á ti sáré débẹ̀,
a ó wá máa sọ iye tó kù kó pé,
bí ẹni tó jẹ gbèsè tí kò sì fi bò.

Ó dáwọ́ dúró. Páálí mẹ́rin kọjá láìkà.
“O jọ ará ìlú mi kan,” ló wí.

Ará ìlú rẹ̀ ti kú tipẹ́.
Ó ń lọ bí egbèje ọdún tó ti kọ̀wé.
Bramagúpútà, ọmọ Jíṣínù,
ẹni ọgbọ̀n ọdún tó jókòó ti ìràwọ̀ àti ìṣirò,
tó sì fi ewì kọ gbogbo rẹ̀.
Ohun tí a ní, ó pè é ní ọrọ̀;
ohun tí a kò ní, ó pè é ní gbèsè;
ó wá fi òdo sáàárín wọn bí onílàjà.
Yọ òdo kúrò nínú gbèsè, gbèsè ṣì ni.
Yọ gbèsè kúrò nínú òdo, ó di ọrọ̀.
Mo ní kó bá mi sọ ìyẹn fún báńkì mi.

“Ó ṣì í níbì kan,” ni Sónì wí,
ohùn rẹ̀ rọlẹ̀ bí ẹni ń tọrọ àforíjì fún ẹ̀gbọ́n.
“Ó ní òdo tí a fi òdo pín, òdo ni.
Ó tún ní ayé kì í yí.”
Ẹ̀rọ ń yí. Páálí ń bọ̀.

Níbo ni wọ́n ti bí i?
Bílámálà ni, létí aṣálẹ̀, Sónì búra.
Àwọn kan ní òótọ́ ni pé ibẹ̀ ló gbé,
àmọ́ ta ló wà níbẹ̀ nígbà tí wọ́n ń gbẹ̀bí rẹ̀?
Ìlú yẹn náà ni àwọn baba Sónì ti ń rọ wúrà,
òun fúnra rẹ̀ kò fojú kàn án rí.
Kàmpálà ni wọ́n bí i sí.
Ọdún tí ológun lé wọn, ọmọ ọdún mẹ́rìnlá ni.
Ní pápá ọkọ̀ òfúrufú, ìyá rẹ̀ ka àwọn ọmọ, wọ́n pé.
Ó tún kà wọ́n.

Kírégì, ọ̀gá wa kékeré, a máa bi í lọ́dọọdún:
níbo lo ti wá?
Kàmpálà.
Rárá, níbo gan-an?

Wọ́n ní odò tó bá gbàgbé orísun rẹ̀ á gbẹ.
Èmi tí mo fi ọdún mẹ́sàn-án kọ́ ọmọ ní ìṣirò ní Ìkìrun,
n kò bi òdo rí pé ọmọ ta ni.
Mo kàn ń fi ẹfun kọ ọ́ bí ẹyin adìyẹ.
Yí ohùn padà, omi á di òfo.
Wò ó lára páálí yìí, mẹ́ta lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn,
kò sẹ́ni tó bi wọ́n ní físà.

Ilẹ̀ mọ́, òjò wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, a dúró de bọ́ọ̀sì.
Ó bi mí bí wọ́n ṣe ń pe ọjọ́ orí òun lédè mi.
Mẹ́tàdínláàádọ́rin, mo ní.
Àádọ́rin tó dín mẹ́ta.
Àádọ́rin náà sì rèé, ọgọ́rin tó dín mẹ́wàá ni.
“Gbèsè nínú gbèsè,” ó wí, ó ń fìka kà á lábẹ́ ìbọ̀wọ́.
Bọ́ọ̀sì dé.
Ó ní kí n tún un pè, díẹ̀díẹ̀.